Ilé Eré Wà ní Ìgàndó, Owó Oṣù Òṣèré Dà?

Ẹ ti mọ bó ṣe máa ń rí. Òṣèré Yorùbá kan tí gbogbo wa ń wò dàgbà, tó ti ṣe ọba, tó ti ṣe babaláwo, tó ti ṣe bàbá ìyàwó tí kì í gba ẹ̀bẹ̀, á dùbúlẹ̀ àìsàn. Kò ní pẹ́ tí fọ́tò rẹ̀ á fi jáde lórí Instagram: ó ti rù, ó jókòó sétí bẹ́ẹ̀dì, nọ́ńbà àkáǹtì wà nísàlẹ̀. A ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé "Ọlọ́run á wo Bàbá sàn o." Àwọn tí ọwọ́ wọn dẹ̀ díẹ̀ á fi ₦2,000 ránṣẹ́. Lọ́jọ́ tó bá sì kú, kálukú á wá fídíò rẹ̀ àtijọ́ gbé síta, a ó pè é ní lẹ́jẹ́ǹdì, a ó sì máa bá ayé wa lọ.

A ò bá àdúrà jà. Àdúrà dáa. Ohun tó ń bí wa nínú ni pé a ti fi àdúrà rọ́pò owó ìfẹ̀yìntì, a sì ń ṣe é bí ẹni pé bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Ẹni tó fi ọdún 40 ṣiṣẹ́ kò yẹ kó máa tọrọ owó oògùn lọ́wọ́ àwọn tó ti pa lẹ́rìn-ín.

Ọ̀rọ̀ wa kò lọ́jú pọ̀. Òṣèré tó ń fi èdè Yorùbá jẹun ní ẹ̀bùn, ó ní orúkọ, ó ní èrò ìwòran. Ohun tí kò ní ni ẹni tó gbà á síṣẹ́. Kò sí ilé iṣẹ́ tó lè tọ́ka sí pé "ibí ni mo ti ń gba owó oṣù." Bí a kò bá sì dá irú ibẹ̀ sílẹ̀, ẹkún orí Instagram kò ní tán láé. Ibi tí a fẹ́ kó ti bẹ̀rẹ̀ kò jìnnà sí wa rárá: Ìgàndó ni, ní Alímọ̀ṣọ́ wa níbí.

Ilé ti wà níbẹ̀. Nígbà ìjọba Akínwùnmí Ambode ni Ìpínlẹ̀ Èkó kọ́ ilé eré mẹ́rin tí wọ́n pè ní Lagos Theatre: ọ̀kan ní Ìgàndó, ọ̀kan ní Ẹ̀pẹ́, ọ̀kan ní Àgbádárìgì, ọ̀kan ní Orẹ̀gún. Ẹni tó ro ìyẹn ro ire. Ẹni tó ń gbé Ìkòtún tó bá fẹ́ wo eré orí ìtàgé ní Ìgànmú tàbí Victoria Island, àfi kó kọ́kọ́ bá gòsílóò wọ̀yá ìjà. Kó tó débẹ̀, eré ti bẹ̀rẹ̀. Kó tó padà dé ráńdábaọ́ọ̀tù Ìkòtún lóru, owó ọkọ̀ ti fẹ́ẹ̀ ju owó tíkẹ́ẹ̀tì lọ. Kí wọ́n gbé ilé eré wá bá wa, ó dáa.

Ṣùgbọ́n ilé kì í ṣeré. Búlọ́ọ̀kù kì í kọ́ ọ̀rọ̀ sórí. Ilé eré tí kò bá ní ẹgbẹ́ òṣèré tirẹ̀, tó ń sanwó fún, tó ń fi wọ́n dárà láti oṣù dé oṣù, kò yàtọ̀ sí gbọ̀ngàn ìnáwó: ẹni tó bá lówó á háyà á, bó bá ti ṣe tirẹ̀ tán, wọ́n á ti ilẹ̀kùn. Ìdí nìyẹn tí ìbéèrè wa kò fi ju ẹyọ kan lọ. Òṣèré mélòó ló ń fi Yorùbá gba owó oṣù nínú ilé yẹn?

Kí ìbéèrè náà lè yé wa, ẹ jẹ́ ká wo ọ̀nà tí ọmọ Ẹ̀gbẹ́dá ń gbà di òṣèré. Á kọ́kọ́ wá ọ̀gá. Á sanwó fọ́ọ̀mù, á wọ ẹgbẹ́ ọ̀gá náà, èyí tí wọ́n ń pè ní caucus. Bí wọ́n bá lọ sí lokéṣàn, òun ló máa gbé ẹrù, òun ló máa lọ ra oúnjẹ, òun náà ló máa jókòó láti àárọ̀ kùtùkùtù títí ilẹ̀ á fi ṣú kí wọ́n tó pè é pé kó wá sọ "Ẹ kú ilé, mà." Aṣọ tó wọ̀ ṣeré, tirẹ̀ ni. Owó ọkọ̀ rẹ̀, tirẹ̀ ni. Bí orúkọ rẹ̀ bá wá ń dún díẹ̀díẹ̀, àwọn ojúgbà rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í pè é: "Jọ̀ọ́, bá mi ṣe èyí, èmi náà á bá ẹ ṣe tìẹ."

Àáró nìyẹn. Àáró ló ń gbé iṣẹ́ fíìmù Yorùbá ró látọdúnmọ́dún. Àáró sì dáa lóko, torí pé kálukú ló ní oko tirẹ̀. Lónìí a bá ọ ro tìrẹ, lọ́la o bá wa ro tiwa. Òṣèré tí kò wá ní fíìmù tirẹ̀ ńkọ́? Oko ta ni wọ́n fẹ́ bá a ro? Ìdí nìyẹn tí gbogbo òṣèré Yorùbá fi ń sáré di olóòtú fíìmù, yálà wọ́n mọ̀ ọ́n ṣe tàbí wọn ò mọ̀ ọ́n ṣe. Wọ́n ń wá oko tí wọ́n á fi jẹ àáró tí àwọn ènìyàn jẹ wọ́n ni. Ẹni tó jẹ́ pé eré nìkan ló mọ̀ ọ́n ṣe, tó kàn fẹ́ jẹ́ òṣèré títí ọjọ́ alẹ́ rẹ̀, kò sáyè fún un nínú ètò yìí.

Kì í ṣe ìwà ibi àwọn ọ̀gá ló fà á. Bí wọ́n ṣe bá iṣẹ́ náà nìyẹn. Ọdún 1944 ni Hubert Ògúńdé gbé eré rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní gbọ̀ngàn Glover l'Ékòó; nígbà tó di 1945, ó ti dá ẹgbẹ́ eléré tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì ń fi eré jẹun. Àwọn ìyàwó rẹ̀ àti àwọn ọmọ rẹ̀ ló pọ̀ nínú òṣèré rẹ̀. Dúró Ládipọ̀ gbé Ọba Kò So jáde ní Òṣogbo ní 1963. Nígbà tó fi máa di ọdún kejì, ó ti kó ẹgbẹ́ rẹ̀ dé Berlin, níbi tí àwọn Jámánì tí kò gbọ́ Yorùbá ti jókòó tí wọ́n ń wo Ṣàǹgó. Kọ́lá Ògúnmọ́lá náà wà níbẹ̀, ọ̀gá òṣèré ni. Ṣùgbọ́n àpò ọ̀gá kan ṣoṣo ni gbogbo ẹgbẹ́ wọ̀nyí rọ̀ mọ́. Ògúnmọ́lá kú ní 1973, Ládipọ̀ kú ní 1978, Ògúńdé kú ní 1990. Bí ọ̀gá bá ti kú, àwọn tó kù á máa wo ojú ara wọn.

Ẹgbẹ́ tí kò tú wà. Nígbà tí Òjò Ládipọ̀, Bàbá Mèró, kú ní 1978, Adébáyọ̀ Sàlámì tí gbogbo wa mọ̀ sí Ọ̀gá Bello ló gbé Awada Kerikeri dúró. Ọmọ rẹ̀, Fẹ́mi Adébáyọ̀, ló gbé Jagun Jagun sórí Netflix ní 2023. Ọdún tó ṣáájú, Kúnlé Afọláyan gbé Àníkúlápó síbẹ̀. Ọmọ Adé Love ni òun náà. A ò sọ èyí láti fi bú ẹnikẹ́ni. Ọmọ tó gba iṣẹ́ lọ́wọ́ bàbá rẹ̀ tó tún gbé e ga, ẹni iyì ni. Ohun tí à ń sọ ni pé bí iṣẹ́ kan bá jẹ́ pé ìdílé nìkan ló ń gbé e láti ìran dé ìran, kí ni ọmọ ẹni tí bàbá rẹ̀ ń wa dáńfó ní Ìdímù fẹ́ ṣe? Ṣé kó lọ tún bàbá yàn ni?

Bí ẹnì kan bá sì ń rò pé òkìkí lè rọ́pò ilé iṣẹ́, kó lọ rántí Bàbá Sàlá. Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀ kọ́kọ́ jẹ́ olórin kó tó di aláwàdà. Abẹ́ rẹ̀ ni Sunny Adé gan-an ti kọ́ṣẹ́ orin. Orí tẹlifíṣàn àti orí ìtàgé, kò sí ilé Yorùbá tí wọn kò ti mọ jíǹjìnrìn ojú rẹ̀. Ní 1982 ó gbé Ọ̀run Móoru jáde. Wọ́n jí fíìmù náà dà kọ sínú kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á kiri kí ẹni tó ni í tó rí èrè rẹ̀. Gbèsè wọlé, ọgbẹ́ náà kò sì jinná tán títí ó fi kú ní 2018. Ọkùnrin tó mọ̀ jù lọ nínú iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn o. Fíìmù kan ṣoṣo ló gbé e ṣánlẹ̀, nítorí pé kò sí ohunkóhun lẹ́yìn rẹ̀ tó lè gbà á dúró.

Ní báyìí, àwọn kan á ní kì í ṣe ọ̀rọ̀ ilé iṣẹ́, pé ọjà ni. "Yorùbá ò tà. Ẹ lọ máa ṣe é ní Gẹ̀ẹ́sì." A ti gbọ́ ọ títí etí wa fi di. Ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ bá di ti èdè tó kéré lọ́jà, ẹ jẹ́ ká mú èdè tó kéré gan-an ká fi wé tiwa.

Ní Írẹ́lándì, erékùṣù tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìlú Ọba, Gẹ̀ẹ́sì ti gba ẹnu àwọn èèyàn. Èdè ìbílẹ̀ wọn ni wọ́n ń pè ní Gaeilge. Nígbà tí wọ́n ka ara wọn ní 2022, àwọn tó ń sọ èdè náà lójoojúmọ́ níta ilé ìwé kò ju nǹkan bí 72,000 lọ ní gbogbo orílẹ̀-èdè náà. Alímọ̀ṣọ́ nìkan, nínú ìkànìyàn Nàìjíríà ti 2006, jẹ́ 1,277,714. A mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo ará Alímọ̀ṣọ́ ló ń sọ Yorùbá: Ígbò wà láàárín wa, Ẹ̀gùn wà, Háúsá wà. Ó dáa, ẹ mú ẹyọ kan péré nínú ẹni mẹ́wàá. Ó ṣì ju 72,000 lọ fíìfíì! Adìẹ funfun kò mọ ara rẹ̀ lágbà.

Síbẹ̀, ẹ wo ohun tí àwọn ará ibẹ̀ fi èdè kékeré yẹn ṣe. Ní 1928, ọdún mẹ́fà péré lẹ́yìn tí wọ́n gba ìjọba ara wọn, tí owó kò sì sí, wọ́n ṣí ilé eré kan tí wọ́n ń pè ní An Taibhdhearc ní ìlú Galway, pé Gaeilge ni wọ́n á máa fi ṣeré níbẹ̀. Ìjọba fún un lówó ìrànwọ́. Ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Siobhán McKenna bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀ lórí ìtàgé yẹn. Òun fúnra rẹ̀ túmọ̀ Saint Joan tí Bernard Shaw kọ sí Gaeilge, ó sì ṣe Joan náà ní èdè àwọn èèyàn rẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ló tó lọ ṣe é ní Gẹ̀ẹ́sì ní London àti New York, tí ayé fi mọ̀ ọ́n. Ó kú ní 1986. Ilé eré náà ṣì wà. Ẹ ṣé ẹ rí ìyàtọ̀ rẹ̀? Níbẹ̀, òṣèré kú, ilé kò kú.

Ó tún kù. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá, ọdún 1996, wọ́n ṣí tẹlifíṣàn Gaeilge, èyí tí a mọ̀ sí TG4 lónìí. Láti ọdún yẹn náà ni eré àtìgbàdégbà kan, Ros na Rún, ti wà lórí rẹ̀. Eré yẹn nìkan ti bọ́ òṣèré àti òǹkọ̀wé fún ọ̀pọ̀ ọdún, torí pé iṣẹ́ tó ń padà wá lọ́dọọdún ni. Ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá yẹn yẹ kó dùn wá wọ egungun. Ọjọ́ kan náà gẹ́lẹ́, ní 1959, ni WNTV bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, tẹlifíṣàn àkọ́kọ́ nílẹ̀ Nàìjíríà. Ọdún 37 la fi ṣáájú wọn! Orí WNTV yẹn ni Bàbá Sàlá àti àwọn Aláwàdà rẹ̀ ti di ará ilé gbogbo wa. Ta ló ń san owó oṣù fún òṣèré Yorùbá lórí tẹlifíṣàn ìjọba báyìí?

Ẹ jẹ́ ká parí rẹ̀ sí ọdún 2022, nítorí ọdún yẹn ló fi gbogbo rẹ̀ hàn kedere. TG4 àti àwọn àjọ méjì mìíràn ní Írẹ́lándì ti ní ètò kan tí wọ́n fi ń fún fíìmù Gaeilge lówó. Nínú owó yẹn ni wọ́n ti ṣe An Cailín Ciúin, fíìmù kékeré kan nípa ọmọdébìnrin tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Wọ́n fi í ránṣẹ́ sí Oscar, ó sì wọ márùn-ún tó kẹ́yìn fún fíìmù ilẹ̀ òkèèrè ní 2023. Lọ́dún 2022 kan náà, fíìmù mẹ́ta wà níwájú ìgbìmọ̀ tó ń yan ti Nàìjíríà: Àníkúlápó, King of Thieves, àti Ẹlẹ́ṣin Ọba tí olóògbé Bíyí Bándélé darí. Yorùbá ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Èyí tó pọ̀ jù nínú ìgbìmọ̀ náà dìbò pé kò sí ọ̀kan tó yẹ. Nàìjíríà kò fi nǹkankan ránṣẹ́. Bẹ́ẹ̀ ní 2019, nígbà tí a fi Lionheart ránṣẹ́, Oscar yọ ọ́ dànù nítorí pé Gẹ̀ẹ́sì inú rẹ̀ ti pọ̀ jù. Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ní ká lọ máa ṣe náà nìyẹn o.

Nítorí náà, kí ẹnikẹ́ni má sọ fún wa mọ́ pé ọjà ló fà á. Jenifa tí Yorùbá kún inú rẹ̀ ní 2008 ló sọ Funkẹ Akíndélé di ẹni tí ọmọdé àtàgbà mọ̀. Èrò ìwòran wà. Ohun tí kò sí ni ìpinnu.

Àtakò kejì tí a mọ̀ pé ó ń bọ̀: "Títì ti bàjẹ́, ilẹ̀ Solous ń rùn sí wa ní Ìgàndó, ẹ wá ń sọ̀rọ̀ eré." A gbọ́. Imú tiwa náà ló ń gbóòórùn ilẹ̀ yẹn. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Owó oṣù tó kéré jù tí Ìpínlẹ̀ Èkó kéde ní oṣù Kẹwàá 2024 jẹ́ ₦85,000. Òṣèré 20 lórí iye yẹn jẹ́ ₦1,700,000 lóṣù, ₦20,400,000 lọ́dún. Òṣèré tó mọṣẹ́ kì í ṣe alágbàṣe, ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po mẹ́ta: ₦61,200,000. Bọ́jẹ́ẹ̀tì Ìpínlẹ̀ Èkó fún 2025 ju tírílíọ̀nù 3 náírà lọ. Owó tí à ń sọ yìí kò tó ₦3 nínú gbogbo ₦100,000. Ìyẹn kò lè dí kòtò kan lójú títì débi tí yóò fi gba títì lọ́wọ́ wa. Wọ́n ti ná owó kọ́lé. Ẹni tó ra ìkòkò tó kọ̀ tí kò ra iṣu, kí ló fẹ́ sè?

Nǹkan mìíràn tún wà nínú 20 yẹn. Òfin owó ìfẹ̀yìntì ti 2014 sọ pé ilé iṣẹ́ aládàáni tó bá ní òṣìṣẹ́ 15 sókè gbọ́dọ̀ máa dá owó ìfẹ̀yìntì fún wọn. Ẹgbẹ́ ọ̀gá kan tó ń fi àáró ṣiṣẹ́ kò ní òṣìṣẹ́ kankan lójú òfin. Ẹgbẹ́ òṣèré 20 tó ní ìwé ìgbanisíṣẹ́ ní in. Bí òṣèré ṣe ń bọ́ lọ́wọ́ nọ́ńbà àkáǹtì orí Instagram nìyẹn: nípa ìwé, kì í ṣe nípa ojú àánú.

Àtakò kẹta ló le jù, a kò sì ní fojú fò ó. Ẹni tó ń sanwó fún olórin ló ń yan orin fún un. Ní 1964, ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn fi òfin de ẹgbẹ́ Ògúńdé nítorí eré rẹ̀, Yorùbá Ronú. Bí owó bá ti wá láti Alausa, ṣé oríkì gómìnà kọ́ ni wọ́n á máa kì níbẹ̀? Ewu wà lóòótọ́. Ìdí nìyẹn tí a kò fi fẹ́ kó jẹ́ ojú rere kọmíṣọ́nnà. Kí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin fi òfin dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Kí owó rẹ̀ ní ojú ewé tirẹ̀ nínú bọ́jẹ́ẹ̀tì. Kí àwọn àgbà òṣèré, olùkọ́ èdè àti ará àdúgbò wà nínú ìgbìmọ̀ tí yóò máa yan eré. Kí àdéhùn òṣèré jẹ́ ọdún mẹ́ta mẹ́ta, kí ẹnikẹ́ni má lè lé e torí ó pa olóṣèlú lẹ́rìn-ín jẹ.

Ohun tí à ń bèèrè kò ju mẹ́ta lọ. Àkọ́kọ́, ẹgbẹ́ òṣèré Yorùbá tó ń gba owó oṣù ní ilé eré Ìgàndó, tí yóò máa gbé eré tuntun àti eré àwọn Ládipọ̀ àti Ògúnmọ́lá jáde yípo ọdún, kí ọmọ ilé ìwé Ìkòtún lè rí wọn lójúkojú. Ìkejì, eré àtìgbàdégbà kan lédè Yorùbá lórí tẹlifíṣàn Ìpínlẹ̀ Èkó, tí kò ní dá dúró bí ìjọba bá yí padà. Ìkẹta, kí TAMPAN àti àwọn ẹgbẹ́ yòókù sọ ọ́ di dandan pé kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ dúró níwájú kámẹ́rà láìsí ìwé àdéhùn tí iye owó wà nínú rẹ̀, bó ti wù kí ipa tó kó kéré tó, kódà kó jẹ́ "Ẹ kú ilé, mà" nìkan ló sọ.

Ó wá ku àwa tí à ń wò. Tíkẹ́ẹ̀tì tí a ò bá rà, kò sẹ́ni tó lè bá wa rà á. Bí wọ́n bá gbé eré Yorùbá wá sí Ìgàndó, ẹ jẹ́ ká kún ibẹ̀ bí a ṣe ń kún ilé ìwòran bọ́ọ̀lù. Ẹ kọ̀wé sí ọmọ ilé ìgbìmọ̀ tó ń ṣojú yín. Alímọ̀ṣọ́ ní ìbò ju ibi púpọ̀ lọ l'Ékòó, wọ́n sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá tún wá tọrọ ìbò, ẹ bi wọ́n léèrè òṣèré 20.

Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Òṣèré tí ebi ń pa kò lè rántí òwe, kò lè pe ọfọ̀ kó já geere, kò lè kọ́ ọmọ ẹ̀yìn. Ọmọ Ẹ̀gbẹ́dá tó lẹ́bùn jù á wo ìyà tó ń jẹ ọ̀gá rẹ̀, á sì lọ wá iṣẹ́ mìíràn ṣe. Bí ìyẹn bá ṣẹlẹ̀ fún ìran kan sí i, a ó ṣì máa sọ Yorùbá nínú dáńfó, ṣùgbọ́n kò ní sí ẹni tó mọ̀ ọ́n sọ lórí ìtàgé tí ara ènìyàn á fi bù máṣọ. Ilé wà ní Ìgàndó. Kí wọ́n gba òṣèré síṣẹ́.